Bàbá Àgbà Tó Gun Ọ̀kadà Lọ Bẹ Àwọn Alájá

Kí Bàbá àgbà mi tó kí ẹni tó ni ajá, ajá ni wọ́n máa ń kọ́kọ́ yẹ̀ wò. Wọn á bẹ̀rẹ̀, wọn á ká etí rẹ̀ sẹ́yìn, wọn á tú irun abẹ́ ọrùn rẹ̀, wọn á ya ọmọ ìka ẹsẹ̀ rẹ̀ sọ́tọ̀ọ̀tọ̀, nítorí ibẹ̀ ni eégbọn fẹ́ràn láti sá pamọ́ sí. Ìgbà tí wọ́n bá ṣe ìyẹn tán ni wọn yóò tó nàró, tí wọn yóò wá rántí pé èèyàn dúró níbẹ̀, wọn á sì béèrè ilé àti ọ̀nà. Àwọn tó mọ̀ wọ́n ní Ìlọrà kì í bínú. Àwọn àlejò ni ẹnu máa ń yà. Ìyá àgbà mi bá wọn wí lọ́jọ́ kan pé kò bójú mu kí àgbàlagbà máa kí ẹranko ṣáájú ọmọ èèyàn. Bàbá fèsì pé àwọn ò kí ajá, àwọn ń bi í léèrè ọ̀rọ̀ ni.

“Èèyàn á sọ fún mi bí ara òun ṣe rí,” ni wọ́n wí. “Ajá ò ní sọ, àfi kí n wá a lára rẹ̀.”

Bàbá ti lọ báyìí. Láti ọjọ́ tí a ti sin wọ́n ni ọ̀rọ̀ wọn ti ń sọ sí mi lọ́kàn níkọ̀ọ̀kan, nígbà tí mo bá ń kọ́ àwọn ọmọ níwèé ní Ìbàdàn, tàbí nígbà tí mo bá rí ajá tó ń họra lẹ́bàá ọ̀nà. N kò ní sọ ìtàn ayé wọn tán, nítorí púpọ̀ nínú rẹ̀ ti wáyé kí wọ́n tó bí bàbá mi. Àgbẹ̀ ni wọ́n, ẹ̀gẹ́ àti ọ̀pẹ̀ òyìnbó ni wọ́n ń gbìn sí ọ̀nà Akínmọ̀ọ́rìn. Mùsùlùmí tí kì í fi ìrun jáfara ni wọ́n. Àlàó ni oríkì wọn, òun náà ni ìlú sì fi ń pè wọ́n. Ṣùgbọ́n bí ẹ bá béèrè ilé Àlàó lọ́wọ́ ọlọ́kadà ní gáréèjì, yóò kọ́kọ́ bi yín pé, “Ṣé Àlàó alájá?”

Ajá kan wà nílé wa tó ń jẹ́ Tanímọ̀la, òun ló ń bá Bàbá lé òyà kúrò nínú ẹ̀gẹ́. Ológbò kan náà wà, Olóyè ni wọ́n sọ ọ́, nítorí pé oorun àti oúnjẹ nìkan ló mọ̀, tó sì máa ń wo gbogbo èèyàn bí ẹni tó fẹ́ kí wọ́n dọ̀bálẹ̀. Ìyá àgbà ló ni Olóyè. Ológbò lè wọ ilé, ó lè sùn sórí àga. Ajá ò gbọdọ̀ kọjá ẹnu ọ̀nà ẹ̀yìnkùlé, torí àlùwàlá àti torí ẹní ìkírun. Ìyá fi pátákó kan dábùú ẹnu ọ̀nà náà, wọ́n sì sọ fún Bàbá pé ibẹ̀ ni ààlà. Tanímọ̀la kò ré ààlà kọjá rí. Ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì ló máa ń gbé lé orí pátákó, tí yóò fi ara yòókù sílẹ̀ níta, tí yóò sì máa wo Ìyá lójú. Bí Ìyá bá lé e, á sọ ọwọ́ kan kalẹ̀, á fi ìkejì sílẹ̀ síbẹ̀.

Ìyá wo ajá, wọ́n wo ọkọ wọn, tí wọ́n máa ń fi orúkọ bàbá mi pè. Wọ́n ní, “Bàbá Ràsákì, ajá yìí ti kọ́ iyàn jíjà lára yín.”

Òótọ́ ni wọ́n sọ. Iyàn jíjà ni oúnjẹ Bàbá, ẹni tí wọ́n sì jọ ń jẹ ẹ́ ni Bàbá Ògúndìran, ọ̀rẹ́ wọn láti kékeré, tí ilé wọn dojú kọ tiwa. Ọdẹ ni Bàbá Ògúndìran, Ògún ni wọ́n ń bọ. Ọ̀rọ̀ ẹ̀sìn nìkan ni àwọn méjèèjì kì í jiyàn lé lórí. Yàtọ̀ sí ìyẹn, kò sí ohun tí wọn kò lè fi ọ̀sán gbogbo jiyàn sí: bóyá Fìdítì ni òjò ti máa ń kọ́kọ́ rọ̀ tàbí Ìlọrà, bóyá ajá dúdú gbọ́n ju ajá pupa lọ, bóyá ara ológbò ló ń yún un jù tàbí ara ajá. Ọ̀rọ̀ ara yíyún yìí kò tán rí. Bàbá ní ajá ló ń jìyà jù, torí ó ń sùn sílẹ̀, ó ń wọ igbó. Bàbá Ògúndìran ní irọ́ ni, pé ológbò ń jìyà jù, àmọ́ ìtìjú ò jẹ́ kó họra lójú èèyàn. Mo bi Bàbá nígbà kan pé kí ló dé tí wọn kì í fi í sinmi lọ́wọ́ ọ̀rẹ́ wọn.

“Mo fẹ́ràn Ògúndìran nítorí pé kì í gbà fún mi,” ni wọ́n sọ. “Ẹni tó bá ń gbà fún èèyàn ṣáá, ó fẹ́ máa lọ sílé ni.”

Mo ní láti sọ ti Oògùn Àlàó, bó tilẹ̀ jẹ́ pé òun kọ́ ni inú Bàbá dùn sí jù nígbẹ̀yìn. Nígbà tí wọ́n wà lọ́dọ̀ọ́, àwọn mẹkáníìkì kan kọ́ wọn ní oògùn kan tí wọ́n fi ń pa kòkòrò ara ajá. Karosíìnì ni, àti ọ́ìlì dúdú tí wọ́n bá fà yọ nínú mọ́tò, àti imí ọjọ́ tí wọ́n lọ̀. Wọn á pò ó pọ̀, wọn á fi àkísà pa á mọ́ ajá lára láti orí dé ìrù. Eégbọn á re dànù bí hóró ẹ̀pà. Bí ìròyìn ṣe tàn nìyẹn. Láti Akínmọ̀ọ́rìn, láti Ìwàrè, láti Ìmíní, àwọn èèyàn ń fa ajá wá, wọ́n ń gbé ológbò wá nínú apẹ̀rẹ̀. Bàbá kì í gba nǹkan kan lọ́wọ́ wọn. Ohun tí wọ́n ń ṣe ni pé wọ́n ń kọ́ àwọn èèyàn náà bí wọn yóò ṣe pò ó fúnra wọn, kí wọ́n má baà tún wá ọ̀nà jíjìn bẹ́ẹ̀ mọ́. Ìyá kìlọ̀ pé bí gbogbo ayé bá mọ̀ ọ́n, ta ni yóò tún máa pe Bàbá ní àgbà?

Bàbá ní, “Oògùn tí èèyàn bá fi pamọ́, òun nìkan ni yóò máa wò.”

Ìsinmi ilé ìwé ni mo wá lò nílé nígbà tí ajá Bàbá Ògúndìran ṣàìsàn. Ìjàngbọ̀n ni ajá náà ń jẹ́, kò sì sí ajá ọdẹ tó dà bí i rẹ̀ ní gbogbo agbègbè wa. Kúrúnà mú un. Irun rẹ̀ kọ́kọ́ re lẹ́bàá ojú, ó re ní ìgúnpá, awọ ibẹ̀ sì nípọn, ó ń ṣẹ̀jẹ̀ nítorí pé tọ̀sán-tòru ló fi ń họra. Bàbá pa oògùn wọn mọ́ ọn lára. Ó dà bí ẹni pé ara rẹ̀ rọ̀. Kí egbò àkọ́kọ́ tó jiná, wọ́n tún pa á. Kò pẹ́ tí Ìjàngbọ̀n fi bẹ̀rẹ̀ sí í gbọ̀n, ó ń bì, kò jẹun mọ́, awọ ẹ̀yìn rẹ̀ sì ń bó bí èèpo iṣu tí iná jó.

Ọ̀sán ni Bàbá Ògúndìran gbé e kọjá títì wá sílé wa nínú ọpọ́n fífẹ̀ kan. Wọ́n gbé ọpọ́n náà sílẹ̀ síwájú Bàbá. Àwọn aládùúgbò ti ń yọjú. Gbogbo wa ń retí ariwo, nítorí ariwo ni a mọ̀ mọ́ àwọn méjèèjì. Bàbá Ògúndìran kò pariwo.

Wọ́n ní, “Àlàó, wo ohun tí o fi ajá mi ṣe.”

Bàbá kúnlẹ̀ ti ọpọ́n náà láìjiyàn. Ìgbà àkọ́kọ́ tí mo rí irú rẹ̀ nìyẹn. Bàbá Ògúndìran yí padà, wọ́n gba ilé wọn lọ. Wọn kò gbé ajá náà lọ, bí ẹni pé wọ́n ti ka òkú rẹ̀ sí Bàbá lọ́rùn.

Èmi ni mo dá a lábàá pé kí a gbé e lọ sọ́dọ̀ dókítà ẹranko tó wà lójú ọ̀nà Ọ̀yọ́. Bàbá kò bá mi jiyàn. A wá mọ́tò, a gbé Ìjàngbọ̀n sí ẹ̀yìn rẹ̀. Ọ̀dọ́mọbìnrin ni dókítà náà, ara tirẹ̀ balẹ̀. Ó kúnlẹ̀ kí Bàbá, ó sì bojú wo ajá. Kó tó ṣe ohunkóhun, ó pe igbákejì rẹ̀ kí wọ́n jọ fi ọṣẹ tí kò le àti omi lílọ́wọ́ọ́wọ́ wẹ ọ́ìlì náà kúrò lára rẹ̀. Wọ́n fi abẹ́rẹ́ fa omi sí i lára, wọ́n tẹ́ ẹ sí orí aṣọ tó mọ́. Lẹ́yìn náà ló fi abẹ kékeré ha awọ etí rẹ̀ díẹ̀, ó sì gbé ohun tó ha náà sábẹ́ ẹ̀rọ awò tó ń sọ ohun kékeré di ńlá.

Níbẹ̀ ni iyàn ti padà sí Bàbá lẹ́nu. Wọ́n ní kí dókítà má bínú, kí ìyá rẹ̀ tó bí i ni àwọn ti ń fi oògùn yìí wo ajá sàn. Dókítà kò já wọn nírọ́. Ó kàn ní kí wọ́n jọ̀ọ́, kí wọ́n fi ojú kan wo inú ẹ̀rọ náà. Bàbá bọ́ fìlà, wọ́n bẹ̀rẹ̀. Wọ́n pẹ́ níbẹ̀ gan-an. Nígbà tí wọ́n gbé orí sókè, ojú wọn ti yí padà.

“Ó ní ẹsẹ̀,” ni wọ́n sọ fún mi.

Dókítà wá ṣàlàyé fún wọn bí ẹni ń bá bàbá rẹ̀ sọ̀rọ̀. Ó ní kòkòrò náà kéré ju ohun tí ojú lásán lè rí, abẹ́ awọ ló ń gbẹ́ ilé sí, ìdí nìyẹn tí ara fi ń yún ẹranko bẹ́ẹ̀. Karosíìnì á jó awọ, kòkòrò á sì wà nísàlẹ̀ níbi tó wà. Ajá á lá a, á gbé e mì, á bá a nínú jẹ́. Ti ológbò tún burú jù, torí ológbò kì í fi nǹkan kan sílẹ̀ lára rẹ̀ láìlá. Abẹ́rẹ́ àti oògùn tó bá ìwọ̀n ara ajá mu ló lè pa kòkòrò náà.

Bàbá bi í pé báwo wá ni ara àwọn yòókù ṣe yá, nígbà tó jẹ́ pé oògùn kan náà ni. Ó ní kì í ṣe gbogbo ara yíyún ni kúrúnà. Òmíràn wá láti ọwọ́ eégbọn, òmíràn láti ọwọ́ oúnjẹ tí kò bá a lára mu, òmíràn sì wà tó máa ń lọ fúnra rẹ̀, ẹni tó bá fi omi wẹ ajá náà lásìkò yẹn ni yóò gba ìyìn.

“Bàbá,” ló wí, “àwọn tí ara tiwọn kò yá, ṣé wọ́n padà wá sọ fún yín?”

A fi Ìjàngbọ̀n sílẹ̀ lọ́dọ̀ dókítà fún ìtọ́jú, a gba ilé lọ. Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kejì, lẹ́yìn ìrun àsùbáà, wọ́n wọ agbádá tí wọ́n máa ń wọ̀ lọ́jọ́ Ọdún, wọ́n dé fìlà, wọ́n ní kí n bá wọn pe Múfú ọlọ́kadà. Ìyá bi wọ́n pé níbo ni wọ́n ń lọ pẹ̀lú agbádá lórí ọ̀kadà, pé ṣé ìyàwó ni wọ́n ń lọ fẹ́ ni?

Bàbá ní, “Mo ń lọ wá àwọn tí kò padà wá.”

Mo bá wọn lọ. Àwa mẹ́ta la wà lórí ọ̀kadà kan ṣoṣo, Múfú níwájú, Bàbá láàárín, èmi lẹ́yìn, agbádá Bàbá sì bò mí lójú débi pé n kò rí Akínmọ̀ọ́rìn títí a fi dúró nínú rẹ̀. Ọ̀dọ̀ obìnrin kan tó ń ṣe gàrí la kọ́kọ́ lọ. Ó rí Bàbá, ó fò mọ́ wọn, ó pe ajá rẹ̀ jáde, ajá náà sanra, irun rẹ̀ ń dán. Ó ní oògùn Bàbá ló wò ó. Bàbá ní oògùn náà kò dáa, kó dà á nù. Obìnrin náà ní láéláé. Ni Bàbá bá bẹ̀rẹ̀ sí í jiyàn. Mo ti gbọ́ iyàn lẹ́nu wọn láti kékeré mi, n kò gbọ́ irú èyí rí, nítorí pé oògùn ara wọn ni wọ́n ń bá jà. Obìnrin náà ń yin oògùn, ẹni tó ni oògùn ń bú u. Bí obìnrin náà bá mú ẹ̀rí kan wá láti gbè wọ́n, wọ́n á já a. Múfú rẹ́rìn-ín títí ó fi jókòó sílẹ̀.

“Ìwọ obìnrin yìí,” ni Bàbá sọ nígbà tó rẹ̀ wọ́n, “èmi ni mo ní kó o máa lò ó, àṣé èmi kọ́ ni mo lè ní kó o má lò ó mọ́?”

Ìyẹn ló wọ̀ ọ́ létí. Ó lọ gbé agolo náà wá. Ó wá béèrè pé kí ni kóun wá máa lò. Bàbá sọ ohun tí dókítà sọ fún wọn láìyọ ọ̀kan sílẹ̀: kó fi ẹ̀mú di eégbọn mú nítòsí awọ gan-an, kó fà á jáde tààrà, kó má ṣe fi ọwọ́ tẹ̀ ẹ́ pa; kó máa sá ẹní tí ajá ń sùn lé sí oòrùn; kó ro koríko tó yí ilé ká; bí irun bá sì ti ń re, kó má fi ọwọ́ ara rẹ̀ wò ó, dókítà ni kó gbé e lọ bá.

Ní Ìwàrè, àwọn ọkùnrin kan tí wọ́n jókòó sábẹ́ ibòji fi wọ́n ṣe yẹ̀yẹ́, wọ́n ní ogbó ti dé. Bàbá bá wọn rẹ́rìn-ín. Nígbà tí ẹ̀rín tán, wọ́n tún ọ̀rọ̀ náà sọ láti ìbẹ̀rẹ̀.

Ìmíní ni ẹsẹ̀ wọn ti wúwo. Obìnrin opó kan wà níbẹ̀ tó ti gbé ológbò wá sọ́dọ̀ wọn nígbà kan. Bàbá bi í léèrè ológbò náà. Ó ní ó ti kú, pé kò pẹ́ tóun pa oògùn mọ́ ọn lára ni ẹnì kan fún un ní májèlé jẹ. Ó fi ẹnu júwe ilé tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ tirẹ̀. Ó ní obìnrin ibẹ̀ ló ṣe é, torí pé ológbò náà ti jí ẹja rẹ̀ jẹ rí, àti pé láti ìgbà náà àwọn kò kí ara wọn mọ́, àwọn ọmọ àwọn náà kò bá ara wọn ṣeré. Ó ń sọ̀rọ̀ náà láìbínú, bí ẹni ń sọ ohun tó ti tán nílẹ̀.

Bàbá bọ́ fìlà wọn. Wọ́n bi í bóyá ológbò náà gbọ̀n, bóyá ó da itọ́, bóyá ó ń lá ara rẹ̀ kó tó di pé ó ṣubú. Bẹ́ẹ̀ ni, bẹ́ẹ̀ ni, ni ó ń dáhùn.

“Májèlé kọ́,” ni Bàbá wí. “Kì í ṣe ìyá tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ yín. Èmi ni. Oògùn mi ló pa á.”

Obìnrin náà wò wọ́n. Mo rò pé yóò lé wa jáde. Ó dìde, ó lọ sí ẹnu ọ̀nà, ó pe orúkọ aládùúgbò rẹ̀. Ó ní láti pè é ju ẹ̀ẹ̀kan lọ, nítorí ẹni tó ń pè kò gbà gbọ́ pé òun ni wọ́n ń pè. Nígbà tí onítọ̀hún yọ, opó náà ní kí Bàbá tún ọ̀rọ̀ náà sọ lójú rẹ̀. Wọ́n tún un sọ. Àwọn obìnrin méjèèjì wo ara wọn, èkejì sì ní ẹja náà kò tilẹ̀ tóbi. Ni wọ́n bá bú sẹ́rìn-ín, ẹkún sì wà nínú ẹ̀rín náà. A kò lè kúrò níbẹ̀ mọ́ àfi ìgbà tí a jẹ iṣu.

Lójú ọ̀nà àbọ̀, Bàbá kígbe sẹ́yìn sí mi kí n lè gbọ́ nínú afẹ́fẹ́. Wọ́n ní, “Àbẹ̀kẹ́, ológbò kan ló kú, ilẹ̀kùn ilé méjì ni mo tì síra wọn.”

Ó ku Bàbá Ògúndìran. Ìjàngbọ̀n ti gba abẹ́rẹ́, ó ti ń jẹun, dókítà sì ti ní kí a máa gbé e lọ sílé. Bàbá fa okùn rẹ̀, wọ́n sọdá títì. Orí ilẹ̀ ni wọ́n jókòó sí, wọn ò jókòó sórí àga tí wọ́n máa ń jókòó sí. Gbogbo ohun tí wọ́n fẹ́ sọ ni wọ́n ti tò lẹ́sẹẹsẹ, mo gbọ́ tí wọ́n ń dán an wò nínú yàrá. Wọn ò rí ìkankan lò nínú rẹ̀.

“Ògúndìran,” ni wọ́n wí, “o jàre.”

Bàbá Ògúndìran wò wọ́n títí. Wọ́n ní, “Má tún sọ bẹ́ẹ̀ mọ́. Ẹ̀rù ń bà mí.”

Bàbá yíjú sí ajá, wọ́n ní kí òun náà má bínú. Ìjàngbọ̀n sá sẹ́yìn ọ̀gá rẹ̀. Ó pẹ́ gan-an kó tó jẹ́ kí Bàbá fọwọ́ kan òun. Bàbá kò fi ipá mú un, wọ́n kàn ń sọdá lọ jókòó níbẹ̀ lójoojúmọ́, títí tó fi wá gbé àgbọ̀n lé wọn lórí ẹsẹ̀ lọ́jọ́ kan. Bàbá Ògúndìran tí wọ́n ń wò ó láti òkèèrè ní, “Ó ti dárí jì ọ́. Èmi ṣì ń rò ó.” Nígbà tí wọ́n sọ ìyẹn la mọ̀ pé ọ̀rẹ́ ti padà dọ́rẹ̀ẹ́.

Láti ìgbà náà ni Bàbá ti di ọmọ ilé ìwé dókítà. Bí wọ́n bá ń lọ sí Ọ̀yọ́, wọ́n á yà níbẹ̀, wọ́n á jókòó sórí bẹ́ńṣì, wọ́n á máa béèrè ọ̀rọ̀. Wọ́n gbé ilé Tanímọ̀la kúrò nílẹ̀ tútù, wọ́n fi pátákó gbé e sókè. Wọ́n kọ́ ọ lẹ́yìn òjò láti nà sínú oòrùn kí irun rẹ̀ tó gbẹ. Dókítà fún wọn ní oògùn tí wọ́n ń kán sí ajá lẹ́yìn ọrùn kí eégbọn má baà sún mọ́ ọn, ó sì kìlọ̀ pé irú èyí lè pa ológbò. Bàbá so òwú pupa mọ́ ọrùn ìgò náà, wọ́n gbé e sórí àjà tí Ìyá kò lè dé. Ìyá ní ṣé àwọn ni ológbò ni?

Nígbà tí Olóyè náà wá bẹ̀rẹ̀ sí í yún ara, tó lá irun ikùn rẹ̀ títí awọ fi yọ, Ìyá ní ajá ló kó o ràn án, kí wọ́n gbé ajá lọ sóko pátápátá. Bàbá ò jiyàn. Wọ́n gbé Olóyè lọ sọ́dọ̀ dókítà. Kò sí eégbọn, kò sí kúrúnà. Dókítà béèrè pé kí ni ohun tuntun tó wọ ilé. Ìyá ronú, ronú, wọ́n wá rántí omi ìfọlẹ̀ olóòórùn líle tí àbúrò bàbá mi mú wá láti Èkó, tí wọ́n fi ń nu ilẹ̀ yàrá. Orí ilẹ̀ yẹn ni Olóyè ń sùn. Wọ́n padà sí omi lásán, irun sì hù. Ìyá ń retí kí Bàbá fi wọ́n ṣẹ̀sín.

Bàbá ní, “Ìyá Ràsákì, àwa méjèèjì ti di alábàámọ̀ báyìí. Ẹ wá bá mi jókòó.”

Ọ̀rọ̀ kan tún wà tí n kò lè fò. Nígbà tí mo kọ́kọ́ mú ọkọ mi wá sí Ìlọrà kí wọ́n lè mọ̀ ọ́n, ó wọ ẹ̀wù alápá gígùn, ó sì ń fi ọgbọ́n họ apá nísàlẹ̀ rẹ̀. Ó ti dọ̀bálẹ̀ tán, ó ń kí, Bàbá ò dáhùn. Wọ́n di ọwọ́ rẹ̀ mú, wọ́n ká apá ẹ̀wù náà sókè lójú gbogbo ẹbí, wọ́n wo òbìrìkìtì pupa tó wà níbẹ̀.

Wọ́n ní, “Làpálàpá. Ṣé o ní ológbò nílé ni?”

Ó fi ìtìjú jẹ́wọ́ pé òun rí ọmọ ológbò kan nínú gọ́tà, irun ń re lórí rẹ̀, òun sì gbé e sílé. Ìtìjú mú bàbá mi, wọ́n ń wo ẹsẹ̀ ara wọn. Bàbá àgbà sọ fún un pé kí òun àti ológbò náà gba ìtọ́jú lẹ́ẹ̀kan náà, nítorí bí a bá wo ọ̀kan tí a fi ìkejì sílẹ̀, wọ́n á kàn máa ta á síra wọn ni. Wọ́n wá kọjú sí ẹbí.

“Ẹ fún un níyàwó,” ni wọ́n wí. “Ẹni tó gba èyí tí ara rẹ̀ ń yún mọ́ra, kò ní lé Àbẹ̀kẹ́ jáde.”

Àìsàn Bàbá kò pẹ́. Wọ́n ní ó rẹ àwọn, wọ́n dùbúlẹ̀, dókítà èèyàn wá, ó ní ọjọ́ orí ni. Bàbá Ògúndìran ń wá jókòó tì wọ́n láràárọ̀, àwa tí a wà ní pálọ̀ sì ń gbọ́ ohùn wọn. Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kan, ohùn kan ṣoṣo la gbọ́, ó sì ń pe “Àlàó, Àlàó” jẹ́jẹ́.

Ọjọ́ náà la sin wọ́n, gẹ́gẹ́ bí ẹ̀sìn wa ṣe wí. Èrò pọ̀. Àwọn obìnrin méjèèjì láti Ìmíní jọ gun ọ̀kadà kan wá. Dókítà ẹranko wá, ó fi ìbòrí bo orí, ó dúró sẹ́yìn. Àwọn lèmọ́ọ̀mù ṣe àdúrà, wọ́n da erùpẹ̀, àwọn èèyàn bẹ̀rẹ̀ sí í tú ká níkọ̀ọ̀kan. Bàbá Ògúndìran kò tíì lọ. Mo lọ bá wọn níbi tí wọ́n dúró sí, mo kúnlẹ̀, mo bi wọ́n pé kí ni Bàbá sọ fún wọn gbẹ̀yìn.

Wọ́n ní ọ̀rọ̀ ajá àti ológbò náà ni àwọn tún fà, èwo ni ara ń yún jù. Wọ́n ní Bàbá ti fẹ́ fèsì, ó rẹ̀ wọ́n, wọ́n ní kí òun jẹ́ kí àwọn mí díẹ̀ ná. Òun sì dúró, òun ń retí èsì, èsì ò sì wá.

Wọ́n fi ọwọ́ nu ojú, wọ́n wo ilẹ̀ tútù tó wà níwájú wa.

“Ẹ̀ẹ̀mejì péré ni mo borí Àlàó láyé mi,” ni Bàbá Ògúndìran wí. “Kò sí èyí tó dùn mọ́ mi níbẹ̀.”